Àga Tí Alága Ti Jókòó Sí

Bí ẹ bá wọ ilé ẹnikẹ́ni ní àdúgbò náà, tí ẹ yí àga pálọ̀ rẹ̀ dojú dé, tí ẹ sì bẹ̀rẹ̀ wo abẹ́ rẹ̀, ẹ ó rí gbólóhùn kúkúrú kan tí wọ́n fi ọ̀dà funfun kọ síbẹ̀: "Mo ti jókòó sí i." Kò sí orúkọ ẹni tó kàn án, kò sí nọ́ńbà fóònù. Kò nílò rẹ̀. Ẹni tó bá ti fojú kan obìnrin tó kọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan péré mọ̀ pé àga tó bá gba ìyẹn mọ́ra tí kò ké, kò tún sí ẹ̀dá tí yóò jókòó sí i tí yóò ké mọ́.

Alága ni gbogbo èèyàn ń pè é, torí pé àga ló ń kàn. Bí wọ́n bá pe "Alága!" nípàdé àwọn onílé, òun àti alága ìpàdé ló jọ ń dáhùn, òun ni wọ́n sì máa ń kọ́kọ́ rí. Ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́ta ni. Ó ga, ó sanra, ó sígbọnlẹ̀. Bó bá ń bọ̀ lójú títì, ẹ̀rín rẹ̀ lẹ ó kọ́kọ́ rí, lẹ́yìn náà àyà rẹ̀, bó bá sì kọjá tán, ẹ ó rí ìdí. Kò sì sí èyí tó ń tọrọ gáfárà nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Ìdí yẹn gan-an ni òṣùwọ̀n iṣẹ́ rẹ̀. Lọ́jọ́ tí oníbàárà bá wá gbé àga, Alága á ní kó sún sẹ́yìn díẹ̀. Á jókòó lẹ́ẹ̀kíní jẹ́jẹ́, bí àlejò tó yà wá kí ni tí kò fẹ́ pẹ́. Á dìde, á jókòó lẹ́ẹ̀kejì bí ẹni tó ti ibi iṣẹ́ dé. Ẹ̀ẹ̀kẹta ni ti ẹni tí wọ́n já ìròyìn burúkú fún: á kàn jọ̀wọ́ ara rẹ̀ sílẹ̀ ni, gbàgà! Bí àga bá dákẹ́, á mú búrọ́ọ̀ṣì, á kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sábẹ́ rẹ̀. Bó bá dún kín-ín, àní kín-ín báyìí, á tú u palẹ̀ lójú oníbàárà, á ní kó padà wá lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀.

Àwọn ọ̀dọ́kùnrin tó ń tún ọkọ̀ ṣe lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kì í jẹ́ kó sinmi.

"Màmá Alága, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa jókòó sínú ọkọ̀ yìí ká mọ̀ bóyá irin abẹ́ ẹ̀ ṣì dára."

"Ẹ ṣílẹ̀kùn ẹ̀," ni yóò wí. "Ṣùgbọ́n tí mo bá ti jókòó tán, ẹ ó fi gbé mi délé o, torí mi ò ní sọ̀ mọ́."

Ọkọ rẹ̀, Tíṣà, tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ olùkọ́, tẹ́ẹ́rẹ́ bí ìṣó. Nígbà kan tí ibà dá Alága dùbúlẹ̀, wọ́n ní kí Tíṣà bá a dán àga kan wò. Ó jókòó lẹ́ẹ̀mẹta gẹ́gẹ́ bí ìlànà. Àga náà ò tilẹ̀ mọ̀ pé ẹnì kan wà lórí òun.

Ọmọ wọn obìnrin ló kù sílé, Àbíkẹ́yìn, ọmọ ọdún méjìlélógún, tó ń kọ́ iṣẹ́ awọ àti fóòmù lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀, tó sì ti kọ́ iṣẹ́ ìjàngbọ̀n yege láìlọ sọ́dọ̀ ẹnikẹ́ni. Òun ló mú ṣọ́ọ̀kì lọ́jọ́ kan tí bàbá rẹ̀ ń múra ìpàdé àwọn olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, tó kọ ọ́ gàdàgbà sẹ́yìn kóòtù dúdú ọkùnrin náà: "Mo ti jókòó sí i." Tíṣà rìn la àdúgbò já. Ó dé ìpàdé, ó dìde sọ̀rọ̀, ó yíjú sí pátákó, gbogbo ilé sì bú sẹ́rìn-ín. Ó wálé, inú rẹ̀ dùn dẹ́yìn.

"Wọ́n gbádùn ọ̀rọ̀ mi lónìí ju ti ìgbàkígbà lọ," ló sọ fún ìyàwó rẹ̀, ó sì yí padà láti bọ́ kóòtù.

Alága ka ẹ̀yìn rẹ̀. Ẹ̀rín gbé e débi ògiri, ògiri ló gbà á dúró. "Tíṣà," ló wí nígbà tí èémí rẹ̀ padà, "ẹni tó kọ ọ́ ò parọ́ ṣá."

Báyìí ni wọ́n ṣe ń gbé. Bó bá wá di ìrọ̀lẹ́, tí wọ́n ti ti ṣọ́ọ̀bù, àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta á jókòó síwájú tẹlifíṣọ̀n, níbẹ̀ ni ìbínú Alága sì ń gbé. Kò sí eré tí obìnrin tó sanra bá ti yọjú tí kì í bá a jà. Kì í ṣe obìnrin náà ló ń bá jà o. Àwọn tó gbé e síbẹ̀ ni.

"Ẹ wò ó! Wọ́n ti tún gbé àwo lé e lọ́wọ́! Ṣé kò níṣẹ́ ni? Ẹ fún un níṣẹ́ ṣe, ẹ̀yin èèyàn yìí!"

Bí wọ́n bá sì jẹ́ kí obìnrin náà fọ́ àga, nǹkan ti bàjẹ́ nìyẹn. Á dìde dúró. "Ta ló kan ìyẹn? Ẹ mú káfíńtà tó kan ìyẹn wá síbí!"

Nígbà tó yá, Àbíkẹ́yìn mú pẹ́ńsù tí wọ́n fi ń sàmì sí igi, ó fa ìlà sí ẹ̀yìn ilẹ̀kùn pálọ̀, ó ń kà wọ́n. Obìnrin ńlá tó ń jẹun: mọ́kànlélógún. Tó ń lu ọmọ ọ̀dọ̀: mẹ́rìnlá. Tí ọkọ ẹ̀ ń sá fún: mẹ́rìndínlógún. Tó fọ́ àga: mẹ́sàn-án. Èyí tó kẹ́yìn ni "Tí ẹnì kan fẹ́ràn, tí ò sì ṣubú". Òdo ló wà níbẹ̀. Nígbà tí òdo náà pẹ́ jù, ó ya ojú sí i, ó ya ẹnu tó ń sunkún sí i.

Ibi tọ́rọ̀ dé nìyí tí Olùdarí fi wọ ṣọ́ọ̀bù ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan. Àwọn tó ń ṣe eré tẹlifíṣọ̀n ti háyà ilé kan ní òpópó kejì, òun ni olórí wọn. Ọ̀dọ́kùnrin ni, ó dé fìlà rẹ̀ kọ ẹ̀yìn síwájú, ó sì ní ìwà kan: á fi ìka ọwọ́ méjèèjì ṣe fèrèsé, á máa yọjú wo gbogbo nǹkan láti inú rẹ̀, títí kan ẹni tó ń bá a sọ̀rọ̀. Àga méjì tó bára mu ló fẹ́, àga pálọ̀ opó olówó. Alága kàn wọ́n. Lọ́jọ́ tó wá gbé wọn, Alága ní kó sún sẹ́yìn. Ó jókòó lẹ́ẹ̀kíní. Ó jókòó lẹ́ẹ̀kejì. Nígbà tí ẹ̀ẹ̀kẹta dún gbàgà, Olùdarí ti gbé fèrèsé rẹ̀ sójú.

"Màmá," ló wí, "ṣé ẹ lè jókòó báyẹn níwájú kámẹ́rà?"

Ọ̀rọ̀ náà ni pé obìnrin tí wọ́n ti bá ṣàdéhùn láti ṣe opó yẹn ti fi oṣù mẹ́ta sáré kiri pápá láàárọ̀. Ìgbà tó fi máa dé, ó ti ku ìdajì. Olùdarí ní odindi ni òun bá ṣàdéhùn.

Ẹ ò rí ayọ̀ Alága lọ́jọ́ yẹn. Ó fi òòlù kan ìṣó mẹ́ta wọ́, èyí tí kò ṣẹlẹ̀ rí láti ọdún pípẹ́. Opó olówó! Tí ọkùnrin wá fẹ́! Ó wálé, ó gbé ìwé eré tí wọ́n fún un lé Àbíkẹ́yìn lọ́wọ́, torí pé ó gbàgbé awò ojú rẹ̀ sí ṣọ́ọ̀bù. "Kà á sókè, kí bàbá ẹ gbọ́ irú èèyàn tí wọ́n ń fẹ́ sílé."

Àbíkẹ́yìn dúró bí oníwàásù. "Opó wọlé. Ọkùnrin tó ń fẹ́ ẹ ti ń dúró dè é. Opó kí i. Opó jókòó. Àga fọ́." Ohùn rẹ̀ lọ sílẹ̀. "Opó nà gbalaja, ẹsẹ̀ lókè. Gbogbo ilé rẹ́rìn-ín."

"Àga ta ni?" ni Alága béèrè.

"Tiyín ni, Màmá."

Tíṣà wo ìyàwó rẹ̀. Òun nìkan ló mọ ohun tí obìnrin náà ń rò. Nígbà tí Alága jẹ́ ẹni ọdún méjìlélọ́gbọ̀n, ó lọ wáṣẹ́ ní ọ́fíìsì kan. Àwọn márùn-ún ló jókòó sẹ́yìn tábìlì, wọ́n ní kó jókòó, àga oníke tí wọ́n gbé fún un sì ya sí méjì lábẹ́ rẹ̀. Àwọn márààrún rẹ́rìn-ín. Ẹni tó wà láàárín rẹ́rìn-ín débi tó fi ń nu ojú. Ó délé, kò jẹun. Ní ọjọ́ kejì ó rò ó wò pé ọ̀nà méjì ló wà: kí òun kéré sí i, tàbí kí àga lágbára sí i. Ó yan àga. Ó tọ káfíńtà àgbà kan lọ, ó ní òun fẹ́ kọ́ṣẹ́. Ọdún kẹrìndínlọ́gbọ̀n rèé.

"Má lọ mọ́," ni Tíṣà wí.

"Tí Màmá ò bá lọ ńkọ́, Bàbá?" ni Àbíkẹ́yìn wí. "Àga ti wà lọ́wọ́ wọn. Ẹlòmíì ni wọ́n máa wá, àga Màmá náà ni wọ́n á sì fọ́."

"Ọmọ yìí gbọ́n lódì, ṣùgbọ́n ó gbọ́n," ni Alága wí. Ó dìde. "Bí gbogbo ìlú bá rí i tí àga Alága fọ́ lábẹ́ Alága, ta ni yóò tún gbé ìdí lé nǹkan tí mo bá kàn? Mo parí nìyẹn. Yàtọ̀ síyẹn, mo ti ń wo obìnrin yẹn tó ń ṣubú láti ọjọ́ tí a ti ra tẹlifíṣọ̀n. Ó tó gẹ́ẹ́. Ẹnì kan gbọ́dọ̀ lọ gbé e dìde."

Ó bọ́ sọ́nà, ó lọ bá Olùdarí. "Ọmọ mi, n ó ṣe opó yín. Ṣùgbọ́n àga mi ò ní fọ́."

"Ẹ̀tàn lásán ni, Màmá. Kò sẹ́ni tí kò mọ̀ pé eré ni."

"Àwọn tó ń ra àga lọ́wọ́ mi ò mọ eré. Ìdí wọn nìkan ni wọ́n mọ̀."

Olùdarí họ orí lábẹ́ fìlà. Ó ní ó dáa, òun ti yọ ọ́ kúrò, àga ò ní fọ́ mọ́. Alága dúpẹ́, ó ṣàdúrà fún un, ó lọ.

Ohun tí kò gbọ́ lọ́jọ́ yẹn, tí gbogbo ayé padà gbọ́, ni pé kò ì dé ẹnu géètì tán tí Olùdarí fi ké sí Oníṣòó, ọkùnrin tó ń kan nǹkan fún wọn nídìí eré. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta péré ni Oníṣòó ṣẹ̀ṣẹ̀ lò lọ́dọ̀ wọn.

"Fi ayùn rẹ́ ẹsẹ̀ méjèèjì tó wà lẹ́yìn àga ọwọ́ òsì," ni Olùdarí wí. "Má jẹ́ kó já tán o. Màmá ò mọ̀. Ojúlówó ìyàlẹ́nu ni mo fẹ́."

"Ọwọ́ òsì?"

"Ọwọ́ òsì."

Òtítọ́ kan wà tí gbogbo ẹni tó ti pẹ́ nídìí eré mọ̀: òsì tí wọ́n ń wí, òsì ẹni tó dúró sẹ́yìn kámẹ́rà ni. Oníṣòó ò tí ì pẹ́. Ó lọ dúró sẹ́yìn àga méjèèjì, ó kọjú síbi tí ẹni tó jókòó á kọjú sí, ó gbé ọwọ́ òsì tirẹ̀ sókè kó má baà ṣìṣe, ó sì fi ayùn rẹ́ ẹsẹ̀ àga tó wà lápá ibẹ̀.

Ọjọ́ eré pé. Àbíkẹ́yìn tẹ̀lé ìyá rẹ̀, ó ní òun ni akọ̀wé rẹ̀. Wáyà kún ilẹ̀ bí ejò, iná ńláńlá mú gbogbo yàrá gbóná. Ọmọbìnrin tó ń kun ojú fún àwọn òṣèré kun ti Alága tán, ó wá mú tìmùtìmù kan jáde tó ní okùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ méjèèjì.

"Ẹ má bínú, Màmá. Olùdarí ní ká so èyí mọ́ ìdí yín, kó lè hàn dáadáa."

Alága gbà á, ó fún un, ó gbọ́ òórùn rẹ̀. "Fóòmù yìí ti ń rún. Àti pé, ọmọ mi, kí lẹ tún fẹ́ fi kún èyí tí Ọlọ́run ti parí?"

Ó dá a padà. Aṣọ aláwọ̀ ewé tó ṣú dẹ́dẹ́ ló wọ̀, èyí tí aránṣọ rẹ̀ rán tó gbá a mọ́ra níbi tó yẹ, tó sì fi í sílẹ̀ níbi tó yẹ. Ọkùnrin tó máa ṣe ẹni tó wá fẹ́ ẹ dìde nígbà tó rí i. Olólùfẹ́ ni wọ́n ń pè é, torí pé láti ọgbọ̀n ọdún, iṣẹ́ kan ṣoṣo tó ń ṣe nínú eré ni kó máa fẹ́ obìnrin. Ó ti lé lọ́gọ́ta, ó tín-ín-rín, ó sì fi aró kun irunmú rẹ̀.

"Ẹ káàbọ̀, ọlọ́lá," ló wí. "Wọn ò sọ fún mi pé ẹ rẹwà báyìí. Ǹ bá ti múra ju báyìí lọ."

"Ìwé eré lẹ ń kà yẹn ni?"

"Rárá o. Ìwé eré ò tí ì bẹ̀rẹ̀."

"Ó yá!" ni Olùdarí kígbe láti ẹ̀yìn kámẹ́rà.

Alága wọlé. Ó kí àlejò. Bó ti ń kọjá lẹ́yìn àga méjèèjì, ọwọ́ rẹ̀ ṣe ohun tó ti ń ṣe láti ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n: ó gbá ẹ̀yìn àga kìíní, ó sì fi orí bàtà kan ẹsẹ̀ rẹ̀. Kò séwu. Ó gbá ìkejì, ó kan án. Ìyẹn dún bí ẹni tí eyín ń ro. Ojú rẹ̀ lọ sílẹ̀. Lẹ́búlẹ́bú igi wà lórí kápẹ́ẹ̀tì, ó funfun, ó tutù, ti àárọ̀ yẹn.

Ó wá yé e. Ẹni a ní kó kín ni lẹ́yìn ti fi ẹ̀gún sọ́wọ́. Ó fẹ́ yí padà kó jáde. Ó tún rí i pé bí òun bá jáde, àga yẹn á ṣì fọ́ lábẹ́ ẹlòmíràn. Ó wo Olùdarí. Olùdarí ń nawọ́ sí àga tó yẹ kó jókòó sí, ó ń mi orí, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́. Àga tó sì ń nawọ́ sí yẹn, èyí tó yè kooro ni!

"Hẹ̀n-ẹ́n," ni Alága wí nínú ara rẹ̀. Ó jókòó.

Kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀.

Àwọn tó mọ̀ sí i ti di ẹnu mú kí ẹ̀rín má tètè bọ́. Wọ́n ń di í mú lọ. Olùdarí yọ orí lẹ́yìn kámẹ́rà.

"Ó dáa, Màmá. Ẹ tún un ṣe."

Ó dìde, ó jókòó lẹ́ẹ̀kejì, bí ẹni tó ti ibi iṣẹ́ dé. Àga dákẹ́ rọ́rọ́.

"Ẹ sinmi lé e, Màmá! Ẹ ju ara yín sílẹ̀! Ẹ rò ó pé ó ti rẹ̀ yín!"

"Ṣé ó dá yín lójú?"

"Ẹ jọ̀ọ́!"

Alága dìde. Ó tún aṣọ rẹ̀ ṣe. Gbàgà! Gíláàsì orí tábìlì fò sókè, iná kan mì, ẹni tó di kámẹ́rà mú tún ẹsẹ̀ rẹ̀ tò. Àga ò sọ nǹkan kan. Láti igun yàrá, Àbíkẹ́yìn pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. "Ẹ gbé ọ̀dà wá!" ló kígbe.

Inú wá bí Olùdarí. Ó sáré jáde láti ẹ̀yìn kámẹ́rà. "Kì í ṣe báyẹn! Ẹ wò mí! Ẹ wo bí wọ́n ṣe ń jókòó!" Ó sì dojú kọ àga kejì.

"Olùdarí, má jókòó sí ìyẹn, ọmọ mi," ni Alága wí.

"Màmá, èmi ni mò ń darí níbí!"

Ó jókòó. Ariwo kan jáde bí ìgbà tí wọ́n fọ́ àpótí. Àga lọ sẹ́yìn, Olùdarí bá a lọ. Fìlà rẹ̀ bo ojú rẹ̀. Ó nà gbalaja, ẹsẹ̀ lókè, gẹ́lẹ́ bí ìwé eré ṣe wí.

Ṣé ẹ mọ ẹ̀rín tí wọ́n ti ń dì mú bọ̀? Ó bọ́. Olólùfẹ́ di aṣọ fèrèsé mú kó má baà ṣubú. Alága nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ó mọ bó ṣe máa ń rí lórí ilẹ̀ níbẹ̀ yẹn. Ó fi ọwọ́ kan ṣoṣo fa Olùdarí dìde jókòó, ó tẹ ìbàdí rẹ̀ wò bóyá nǹkan kan ṣẹ́, ó dá fìlà rẹ̀ padà. Lẹ́yìn ìgbà yẹn ló tó gbé àga náà, ó yí i dojú dé. Ọ̀rọ̀ funfun wà níbẹ̀ gàdàgbà.

"Gbogbo yín, ẹ súnmọ́ bí," ló wí. "Igi tó bá fọ́ fúnra ẹ̀ máa ń ya jágajàga, ó máa ń ní ẹ̀gún. Ẹ fọwọ́ kan èyí. Ó tẹ́jú bí dígí. Ayùn ló ṣe é. Mi ò kan àga tó ń fọ́ rí láyé mi."

Gbogbo ojú yí sí Oníṣòó.

"Wọ́n ní ọwọ́ òsì ni!" ni Oníṣòó wí.

"Òsì kámẹ́rà!" ni Olùdarí wí láti ilẹ̀.

"Ṣé kámẹ́rà lọ́wọ́ ni?"

Olùdarí ti wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀, ibẹ̀ náà ló ti bẹ̀bẹ̀. "Màmá, ẹ má bínú. Eré ẹ̀rín ni. Mo kàn rò pé... tí opó ò bá ṣubú, kí ni wọ́n máa fi rẹ́rìn-ín?"

"Ìyẹn ni gbogbo ohun tó ń dà ọ́ láàmú?" Alága padà sórí àga tó kù, ó fi apá méjèèjì lé apá rẹ̀, ó rọra fara ti ẹ̀yìn. "Wò ó. Àga kan ló kù báyìí. Èmi ni onílé, èmi ni mo jókòó. Ẹni tó wá fẹ́ mi ló kù tí yóò mọ ibi tí yóò fi ara ẹ̀ sí. Ẹ jẹ́ kí wọ́n fi ìyẹn rẹ́rìn-ín."

Olólùfẹ́ nu ojú rẹ̀. "Ọgbọ̀n ọdún," ló wí, "wọn ò fún mi ní nǹkan ṣe ju kí n máa wo obìnrin lọ. Ẹ tan iná yẹn."

Kò sẹ́ni tó rí ohun tí wọ́n yà lọ́jọ́ yẹn wò kó tó jáde. Olùdarí ní àfi kí Màmá dúró de tẹlifíṣọ̀n. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni Alága fi ń ṣe bí ẹni tí kò bìkítà. Ṣùgbọ́n Àbíkẹ́yìn rí i pé ẹ̀ẹ̀marùn-ún ló ń jókòó sí àga kọ̀ọ̀kan báyìí dípò ẹ̀ẹ̀mẹta. Ẹ̀rọ wà lọ́wọ́ àwọn èèyàn yẹn. Wọ́n lè gé ti ibí, kí wọ́n fi lẹ ti ọ̀hún, kí àga fọ́ lábẹ́ ẹni tí kò fọ́ àga.

Nígbà tí ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tí wọ́n máa fi eré náà hàn pé, àwọn tó ń tún ọkọ̀ ṣe ti kún pálọ̀ fọ́fọ́. Alága jókòó sáàárín, ó di ọwọ́ pọ̀. Tíṣà wà lórí àga tirẹ̀ lẹ́bàá fèrèsé.

Opó wọlé. Ó kí àlejò, ó tún aṣọ rẹ̀ ṣe, ó jókòó. Àga dúró gbọn-in. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ẹnì kan lẹ́yìn wí pé, "Háà, Màmá," jẹ́jẹ́, bí ẹni tó rí ohun tí kò mọ̀ pé ó ti ń rí lójoojúmọ́.

Ẹ̀rín wá bẹ̀rẹ̀. Olólùfẹ́ ń wá ibi tó máa jókòó. Ó dán eteetí tábìlì wò, ìkòkò òdòdó sì fẹ́ bọ́. Ó dán ojú fèrèsé wò, aṣọ fèrèsé wé mọ́ ọn lórí bí ìyàwó. Ó fara ti ògiri bí ẹni tí ògiri ń bẹ̀. Ní gbogbo àkókò náà, opó ń wò ó, kò kánjú, ojú rẹ̀ ń tàn.

"Kí lẹ wá ṣe gan-an?" ni opó béèrè.

"Mo ti kọ ọ́ sórí tẹ́lẹ̀," ni Olólùfẹ́ wí, "ṣùgbọ́n ìgbà tí mo rí yín, mo gbàgbé ọ̀rọ̀, mo gbàgbé àga."

"Ọkùnrin tó bá fẹ́ jókòó tì mí, kó lọ gbé àga tiẹ̀ wá. Kó sì jẹ́ àga tó dára o."

Olólùfẹ́ kúnlẹ̀, ó di ọwọ́ rẹ̀ mú. "Ẹ má jẹ́ kẹ́nì kan gba ibẹ̀ kí n tó dé."

Pálọ̀ hó gèè. Tíṣà nìkan ni kò hó. "Ta ni ọkùnrin yẹn?"

"Eré ni, Bàbá," ni Àbíkẹ́yìn wí.

"Mo ti kọ́ ọmọ léré rí. Kì í ṣe bí wọ́n ṣe ń di ọwọ́ mú nìyẹn."

Eré parí, orúkọ bẹ̀rẹ̀ sí í kọjá lójú tẹlifíṣọ̀n. Lábẹ́ àwọn orúkọ yẹn ni Olùdarí fúnra rẹ̀ ti yọ: "Màmá, èmi ni mò ń darí níbí!" ariwo, fìlà, ẹsẹ̀ lókè. Lẹ́yìn rẹ̀, àga tí wọ́n yí dojú dé, ọ̀rọ̀ funfun gàdàgbà, àti ohùn Alága: "Ayùn ló ṣe é. Mi ò kan àga tó ń fọ́ rí láyé mi."

Àwọn tó ń tún ọkọ̀ ṣe ń fò mọ́ ara wọn. Ọ̀kan ti ń pariwo pé òun fẹ́ àga mẹ́rin fún ilé ìyá òun. Àbíkẹ́yìn ti dé ẹ̀yìn ilẹ̀kùn. Ó pa òdo tó ń sunkún yẹn rẹ́, ó fa ìlà kan ṣoṣo síbẹ̀. Ó rò díẹ̀, ó tún kọ òmíràn sábẹ́ rẹ̀: "Olùdarí tó fọ́ àga: ọ̀kan."

Alága ò rí i. Nǹkan kan ló ń wọ́ bọ̀ nílẹ̀ pálọ̀, tó ń dún gììrì, tó ń gba àárín ẹsẹ̀ àwọn èèyàn. Tíṣà ni. Ó ti di àga rẹ̀ mú láti ẹ̀bá fèrèsé, òógùn bò ó, ó ń fà á bọ̀. Ó gbé e kalẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyàwó rẹ̀, tímọ́tímọ́.

"Mo ti gbé tèmi wá," ló wí.

"Ṣé ó dára?" ni Alága béèrè.

Tíṣà yí àga náà dojú dé, ó fi ìka tẹ̀ lé ọ̀dà funfun tó wà lábẹ́ rẹ̀ bí olùkọ́ tó ń kọ́ ọmọ ní ìwé, ó kà á sókè. Ó wá yí i padà, ó sì jókòó. Àga náà ò mọ̀ pé ẹnì kan wà lórí òun, ṣùgbọ́n Alága mọ̀.